Kí Ló Kọ́kọ́ Jáde?

Ọjọ́ kejì tí wọ́n fi iṣẹ́ abẹ gbẹ̀bí ọmọ mi, ìyá ọkọ mi wọ wọ́ọ̀dù wá pẹ̀lú fúláàsì ẹ̀kọ gbígbóná lọ́wọ́. Ó kí mi kú ewu, ó kí mi kú ọwọ́ lómi, ó gbé fúláàsì sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ bẹ́ẹ̀dì, ó sì gba ọmọ. Gbogbo èèyàn tó ti wá ṣáájú rẹ̀, ojú ọmọ ni wọ́n ń wò, tí wọ́n ń ní imú bàbá rẹ̀ ló gbé wá. Tirẹ̀ yàtọ̀. Ìsàlẹ̀ ló ti tú aṣọ tí wọ́n fi wé e, ó di ẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì mú lọ́wọ́ kan, ó wò wọ́n dáadáa, ó wá bi mí ní ohun tí ẹnikẹ́ni ò tíì bi mí láti ìgbà tí mo ti dé ọsibítù náà.

"Ìyàwó, kí ló kọ́kọ́ jáde?"

Mi ò mọ̀. Wọ́n ta aṣọ aláwọ̀ ewé kan sáàárín èmi àti ikùn mi. Abẹ́rẹ́ tí wọ́n gún mi lẹ́yìn ti pa gbogbo ara mi kú láti abẹ́ ọmú dé àtẹ́lẹsẹ̀. Mo ń gbọ́ tí irin ń kan irin nínú àwo, mo ń gbọ́ tí dókítà àti ẹnì kejì rẹ̀ ń jiyàn lórí bọ́ọ̀lù tí wọ́n gbá lálẹ́ ọjọ́ tó ṣáájú, lẹ́yìn náà ni mo gbọ́ ẹkún. Ohun tí mo ṣáà mọ̀ ni pé láti ọ̀sẹ̀ 36 ni scan ti ń fi hàn pé ọmọ yìí jókòó sínú mi bí ẹni jókòó sórí àpótí, orí lókè, ìdí nísàlẹ̀, kò sì yí títí ọjọ́ fi pé. Ìyẹn ni wọ́n ṣe là mí.

"Ó jókòó ni, mà."

"Ẹ̀n-ẹ́n." Ó da aṣọ bo ẹsẹ̀ ọmọ padà. "Ìgè ni."

Ọkọ mi bú sẹ́rìn-ín. "Màámi, wọ́n gé e jáde ni o. Kò gba ojú ọ̀nà kọjá rárá, ká tó wá máa sọ pé ẹsẹ̀ ló fi wáyé."

"Ta ló gbé e jókòó síbẹ̀? Dókítà ni?"

Ọkọ mi ò rí èsì fọ̀. Èmi náà ò rí. Ó ti pé ọdún méje báyìí, ìbéèrè màmá ò sì tíì kúrò létí mi.

Gbogbo wa la mọ òwe tó ní ilé là ń wò ká tó sọmọ lórúkọ. Orúkọ àbísọ ni òwe yẹn ń bá wí: ilé ọba ní Adé, ilé onílù ní Ayàn, ilé ọdẹ ní Ọdẹ́, ilé babaláwo ní Ifá. Ní ti àmútọ̀runwá, ọmọ fúnra rẹ̀ là ń wò. Ó dojú bolẹ̀ wáyé, Àjàyí ni. Ẹsẹ̀ ló fi wá, Ìgè ni. Ìwọ́ kọ́ ọ lọ́rùn, bó bá jẹ́ ọkùnrin Òjó ni, bó bá jẹ́ obìnrin Àìná ni. Àpò tí ọmọ wà nínú rẹ̀ ò bẹ́ títí ó fi jáde, Ọ̀kẹ́ ni. Ìka rẹ̀ di mẹ́fà lọ́wọ́ kan, Olúgbódi ni. Irun rẹ̀ ta kókó, Dàda ni. Ìyá rẹ̀ lóyún rẹ̀ láì tíì rí nǹkan oṣù lẹ́yìn ìbímọ tó ṣáájú, Ìlọ̀rí ni. Oyún rẹ̀ kọjá oṣù, Ọmọ́pẹ́ ni. Ẹ kà wọ́n léraléra, kí ẹ yọ ohùn oríkì kúrò níbẹ̀, kí ẹ má pe Àjàyí ní Ògídí Olú, kí ẹ má pe Ìgè ní Àdùbí. Ohun tó máa ṣẹ́kù sí yín lọ́wọ́ kò jìnnà sí ohun tí nọ́ọ̀sì ń kọ sínú fáìlì aláboyún bó bá ti gbẹ̀bí tán.

Ohun tí mi ò ronú kàn rí, títí ìyá ọkọ mi fi di ọmọ mi lẹ́sẹ̀ mú, ni pé irú orúkọ bẹ́ẹ̀ nílò ẹlẹ́rìí. Babátúndé ní ẹlẹ́rìí: sàréè bàbá àgbà wà ní ẹ̀yìnkùlé. Abíọ́dún ní tirẹ̀, gbogbo ìlú ló ṣọdún. Tòkunbọ̀ ní pásípọ́ọ̀tù. Ṣùgbọ́n ta ló rí ìwọ́ tó kọ́ Àìná lọ́rùn? Ìyá rẹ̀ ò rí i, ìrora ò jẹ́ kó rí nǹkan kan. Bàbá wà níta, ó ń rìn síwá sẹ́yìn. Agbẹ̀bí nìkan ló rí i, ìṣẹ́jú àáyá mélòó kan péré ló sì fi rí i, nítorí ohun àkọ́kọ́ tí yóò ṣe ni pé kó tú u.

Ìyá tó bí ìyá ọkọ mi, agbẹ̀bí abúlé ni. Wọ́n ní bó bá ti gbọmọ, kó tó wẹ ọwọ́, kó tó gé ìwọ́ pàápàá, yóò ti ké láti inú yàrá sí àwọn tó wà ní ọ̀ọ̀dẹ̀: "Ẹ kú oríire o, Òjó dé!" Wọn a dá a lóhùn, wọn a bẹ̀rẹ̀ sí í ki ọmọ tí wọn ò tíì fojú rí. Ọmọ náà á ti ní orúkọ kí wọ́n tó wẹ̀ ẹ́. Ọjọ́ kẹjọ tó ń bọ̀, orúkọ tí yóò tẹ̀lé e ni wọ́n fẹ́ sọ níbẹ̀.

Nọ́ọ̀sì òde òní rí gbogbo ohun tí ìyá àgbà yẹn rí, kódà ó rí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Kò kàn sọ fún ẹnì kan ni. Àwọn dókítà ní nínú ọmọ mẹ́rin sí márùn-ún tí a bí, ìwọ́ máa ń wà lọ́rùn ọ̀kan. Ọ̀pọ̀lọpọ̀ rẹ̀ kì í ṣe ewu, wọ́n á fi ìka yọ ọ́ lórí, ó parí. Mo jẹ́ tíṣà, àwọn ọmọ 43 ló wà nínú rẹ́jísítà mi lọ́dún yìí. Bí àwọn òbí wọn bá ń gbọ́ ìròyìn láti yàrá ìrọbí, ó yẹ kí Òjó àti Àìná tó mẹ́jọ sí mẹ́wàá nínú wọn. Mo ka orúkọ wọn lẹ́ẹ̀mejì. Mo rí Táíwò méjì, Kẹ́hìndé méjì àti Ìdòwú kan. Òjó méjì ló wà níbẹ̀, àwọn méjèèjì sì wà nípò orúkọ ìdílé: bàbá bàbá wọn ni ìwọ́ kọ́ lọ́rùn. Àwọn ọmọ fúnra wọn ń jẹ́ Praise àti Daniel.

Ìbejì ò pa rẹ́, nítorí kò sí ẹni tó lè fi ọmọ méjì pa mọ́ fún ìyá tó bí wọn, pàápàá láàárín Yorùbá tí ìbejì ti wọ́pọ̀ bẹ́ẹ̀. Ẹ dé Igbó-Ọrà kẹ́ ẹ pe Táyé lójú pópó, kí ẹ wo iye orí tó máa yíjú padà. Dàda náà ò pa rẹ́, irun orí rẹ̀ ń jẹ́rìí lójoojúmọ́. Àwọn yòókù ló wà nínú wàhálà. Ọmọ́pẹ́ ò fi bẹ́ẹ̀ sí mọ́ nítorí dókítà kì í jẹ́ kí ọmọ pẹ́: bó bá ti kọjá ọ̀sẹ̀ 41, wọ́n á fi oògùn mú ìrọbí wá. Olúgbódi, okùn ìránṣọ tín-ín-rín ni wọ́n fi ń so ìka kẹfà ní ọjọ́ tí wọ́n bí i, ó gbẹ, ó já, orúkọ bá a lọ. Ti Àjàyí tiẹ̀ lọ́jú pọ̀. Obìnrin tó kúnlẹ̀ bímọ lórí ẹní àti èyí tó dùbúlẹ̀ gbalaja lórí bẹ́ẹ̀dì ọsibítù, ojú ọmọ wọn ò lè bolẹ̀ bákan náà. Ìgè ńkọ́? Nínú 100 ọmọ tí oṣù wọn pé, mẹ́ta sí mẹ́rin ló máa ń jókòó bí ti èmi. Iṣẹ́ abẹ ni wọ́n fi ń gbẹ̀bí púpọ̀ nínú wọn, ìdílé wọn á sì pinnu, bí ọkọ mi ti fẹ́ pinnu, pé ọ̀bẹ ti fagi lé orúkọ náà.

Mi ò rojọ́ mọ́ ọsibítù o. Ìyá àgbà tó ń ké orúkọ láti inú yàrá yẹn, Ìgè kan pa á lára. Ọmọ rẹ̀ obìnrin ni, àbúrò ìyá ọkọ mi. Ẹsẹ̀ jáde, èjìká jáde, orí há. Ìyá àti ọmọ ni wọ́n sin. Ìgbà tí mo gbọ́ ìtàn yẹn ló yé mi ìdí tí ìyá ọkọ mi fi di ẹsẹ̀ ọmọ mi mú bẹ́ẹ̀ pẹ́.

Lọ́jọ́ ìkómọ, wọ́n gbé abọ́ omi kalẹ̀, àwọn àgbà ń ju owó sí i, wọ́n ń sọ orúkọ. Ìyá ọkọ mi ju tirẹ̀, ó ní, "Ìgè." Pásítọ̀ tó ń kọ orúkọ sílẹ̀ gbé bírò dúró. "Màámi, ẹ jẹ́ ká fi èyí sílẹ̀. Òrìṣà ló ni àwọn orúkọ àmútọ̀runwá wọ̀nyẹn." Màmá ò bá a jà. Ó kúnlẹ̀ kí i, ó padà sórí àga rẹ̀. Ẹni tó ń gbé máíkù fún pásítọ̀ lọ́jọ́ náà ń jẹ́ Thomas.

Thomas! Èdè Árámáìkì ni, ìbejì ló túmọ̀ sí. Bíbélì fúnra rẹ̀ ṣàlàyé rẹ̀ fún wa, ó ní Tọ́másì tí à ń pè ní Dídímù, Dídímù sì ni ìbejì lédè Gíríìkì. Táyé tàbí Kẹ́hìndé kan ló gbé máíkù dání nígbà tí wọ́n ń fagi lé Ìgè. Inú Bíbélì kan náà ni Jákọ́bù wà, ẹni tó di gìgísẹ̀ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ mú jáde, tí wọ́n sì fi gìgísẹ̀ ọ̀hún sọ ọ́ lórúkọ. Èyí tí mo fẹ́ràn jù ni ti Támárì nínú Jẹ́nẹ́sísì orí 38. Ìbejì ló wà nínú rẹ̀. Ọwọ́ ọ̀kan kọ́kọ́ yọ, agbẹ̀bí yára so òwú pupa mọ́ ọn pé èyí ló ṣáájú. Ọmọ fa ọwọ́ padà, èkejì ya jáde lójijì. Agbẹ̀bí pariwo, "Báwo lo ṣe ya báyìí?", ọ̀rọ̀ tó pa yẹn ló sì di orúkọ ọmọ, Pérésì. Agbẹ̀bí ló rí i, agbẹ̀bí ló ké e, gẹ́gẹ́ bí ìyá àgbà ti ń ké Òjó. Ìlà ìdílé Pérésì yẹn ni Dáfídì ti jáde, Mátíù sì kọ orúkọ rẹ̀ sínú ìdílé Jésù ní ẹsẹ kẹta gan-an.

Mi ò ní purọ́ mọ́ pásítọ̀. Àwọn kan nínú orúkọ wa wọ̀nyí bá ètùtù rìn nígbà kan: wọ́n ń bọ ìbejì, wọ́n ní ohun tí wọ́n ń ṣe kí wọ́n tó fárí Dàda. Ṣùgbọ́n ẹni tó darí iṣẹ́ ìtumọ̀ Bíbélì Yorùbá tí pásítọ̀ gbé dání lọ́jọ́ náà, tí wọ́n fi jẹ bíṣọ́ọ̀bù ní 1864, Àjàyí lorúkọ rẹ̀. Àwọn amúnilẹ́rú kó o ní Òṣogùn ní 1821, wọ́n ṣèrìbọmi fún un ní Freetown ní 1825, wọ́n fún un ní Samuel Crowther, orúkọ àlùfáà Gẹ̀ẹ́sì kan. Kò ju Àjàyí nù. Àwa náà ò jù ú nù fún un.

Àwọn Akan ní Ghana gbọ́n lọ́nà kan tí mo máa ń jowú. Ọjọ́ ni wọ́n fi ṣe ẹlẹ́rìí. Bí wọ́n bá bí ọkùnrin lọ́jọ́ Mọ́ńdè, Kojo ni, lọ́jọ́ Sátidé, Kwame ni. Obìnrin tí wọ́n bí lọ́jọ́ Sátidé, Ama ni. Kò sí nọ́ọ̀sì tó lè gbé kàlẹ́ńdà pa mọ́. Ìgbà tí wọ́n kó wọn lẹ́rú kọjá òkun, ọjọ́ bá wọn lọ: aṣáájú àwọn Maroon, ìyẹn àwọn ẹrú tó sá kúrò lóko ẹrú ní Jàmáíkà, tó bá ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ṣàdéhùn àlàáfíà ní 1739, Cudjoe ni wọ́n ń pè é, Kojo náà ni. Ìgbò ní ọjọ́ ọjà mẹ́rin, ìyẹn ló bí Okeke, Okorie, Okafor àti Okonkwo. Kofi Annan tó ṣe akọ̀wé àgbà Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé, Kofi Atta Annan ni orúkọ rẹ̀ ní kíkún. Ọjọ́ Fráídè, 8 oṣù kẹrin, 1938 ni wọ́n bí i, òun àti ìkejì rẹ̀ obìnrin. Kofi ni ọjọ́ Fráídè, Atta ni ìbejì. Ọmọ Yorùbá kankan tó bá gbọ́ àlàyé yẹn ti mọ̀ ọ́n dé ìdí.

Ní Uganda náà, ìbejì ní orúkọ tiwọn láàárín àwọn Baganda: Waswa àti Kato fún ọkùnrin, Babirye àti Nakato fún obìnrin. Bàbá wọn á di Ssalongo, ìyá á di Nnalongo, bí a ti ń pe Bàbá Ìbejì àti Ìyá Ìbejì. Àwọn Acholi ní àríwá ń pe ọmọ tó tẹ̀lé ìbejì ní Okello, nítorí náà, bí a bá túmọ̀ orúkọ Tito Okello tó ṣolórí orílẹ̀-èdè náà ní 1985, Ìdòwú ló ń jẹ́. Ìdòwú tiwa fúnra rẹ̀ dé Kúbà, ó wà lẹ́nu àwọn Lukumí, ìyẹn àwọn àrọ́mọdọ́mọ Yorùbá níbẹ̀, lẹ́yìn Taewo àti Kaínde títí dòní.

Ibi tí mi ò retí pé màá ti rí ọmọ mi rárá ni Róòmù.

Ọkùnrin kan wà níbẹ̀ tó ń jẹ́ Pliny, ó kọ ìwé ńlá kan lórí gbogbo ohun tó wà láyé, ó sì kú nígbà tí òkè Vesuvius bú ní ọdún 79. Nínú ìwé yẹn, ó dé orí ọ̀rọ̀ ìbímọ, ó ní ọmọ tó bá fi ẹsẹ̀ wáyé, Agrippa ni wọ́n ń pè é, nítorí ìnira tó wà nínú ìbí rẹ̀. Mo ka gbólóhùn yẹn lẹ́ẹ̀mẹta. Ìgè! Ó ní Marcus Agrippa, ọ̀gágun Augustus olú ọba Róòmù, ẹsẹ̀ ló fi wáyé. Ó ní Agrippina, ìyá Nero tí òun náà jẹ olú ọba, kọ ọ́ sílẹ̀ pé ẹsẹ̀ ni ọmọ òun fi wáyé. Ìyá kan ní Róòmù dáhùn ìbéèrè ìyá ọkọ mi, tó sì fi ìwé dáhùn rẹ̀.

Orúkọ Marcus Agrippa yẹn ni ìdílé Hẹ́rọ́dù yá, òun ló bọ́ sára ọba tí Pọ́ọ̀lù rojọ́ níwájú rẹ̀ nínú Ìṣe àwọn Àpọ́sítélì. Mo gbé Bíbélì, mo ṣí orí 26. "Agrippa ọba," Pọ́ọ̀lù ń wí. Ọba Ìgè. Gbogbo ọjọ́ Ìsinmi tí wọ́n ti ń ka ibẹ̀ sí wa létí, ta ló bá òrìṣà pàdé níbẹ̀?

Ó ṣì kù. Pliny yìí kan náà ló ní ẹni àkọ́kọ́ tó jẹ́ Késárì gba orúkọ náà nítorí pé wọ́n la ìyá rẹ̀ nínú kí wọ́n tó bí i. Àwọn onímọ̀ èdè òde òní ò gbà á gbọ́ púpọ̀, kì í sì í ṣe Julius Caesar tí gbogbo ayé mọ̀, nítorí ìyá tirẹ̀ yè, ó rí i tó dàgbà di ọ̀gágun. Ṣùgbọ́n ohun tí àwọn ará Róòmù gbà nípa orúkọ yẹn nìyẹn. Ẹsẹ tó gbẹ̀yìn orí 26 wá jẹ́ bí ẹ̀rín sí mi: Agrippa ní wọn ì bá ti dá Pọ́ọ̀lù sílẹ̀ bí kò bá ṣe pé ó ti gbé ẹjọ́ rẹ̀ lọ sọ́dọ̀ Késárì. Ìgè ló ń sọ̀rọ̀ nípa Ẹni-tí-a-là-bí. Àwọn méjèèjì ni ọmọ mi. Jíjókòó rẹ̀ ni Agrippa, ọ̀bẹ dókítà ni Késárì, ẹyọ kan ò pa ìkejì rẹ̀ rẹ́. Mo ka gbogbo rẹ̀ fún ọkọ mi lálẹ́ ọjọ́ yẹn. Ó ní, "O ò ṣáà ní jẹ́ kí màámi gbọ́ èyí."

Mo ti sọ fún màmá kí ilẹ̀ tó mọ́.

Nínú ìwé ẹ̀rí ìbí rẹ̀, kò sí Ìgè. Orúkọ mẹ́ta tí pásítọ̀ kọ ló wà níbẹ̀, àyè ò sì gbà ju mẹ́ta lọ. Ṣùgbọ́n mo tú fáìlì tí wọ́n fún mi ní ọsibítù yẹ̀ wò láìpẹ́ yìí, mo rí ìwé pélébé kan tó ti ń pọ́n létí. Ẹnì kan tí mi ò mọ̀ fi bírò búlúù kọ ìdí iṣẹ́ abẹ síbẹ̀, ọ̀rọ̀ kan péré: breech, ìyẹn ni pé ọmọ jókòó. Ó fàlà sí i nídìí. Mo fi lẹ́ẹ̀dì kọ Ìgè sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Nínú ilé, ohun tí màmá ń pè é nìyẹn láti ọjọ́ kejì, ó sì ń jẹ́ ẹ bí ẹni pé kò ní òmíràn.

Oṣù tó kọjá, ìyàwó àbúrò ọkọ mi bímọ. Ilé wa ni màmá wà nígbà tí fóònù dún. Àbúrò ọkọ mi ń pariwo pé obìnrin ni, pé wọ́n bí i wẹ́rẹ́, pé tọmọtìyá wà dáadáa. Màmá gba fóònù lọ́wọ́ mi.

"A dúpẹ́. Ọlọ́run á wò ó. Fún nọ́ọ̀sì ní fóònù."

"Màámi, nọ́ọ̀sì ń ṣiṣẹ́ o."

"Fún un."

A dúró. A ń gbọ́ bí ọmọ ti ń ké lọ́ọ̀ọ́kán.

"Ẹ káàsán, mà."

"Ọmọ mi, ẹ kú iṣẹ́, ẹ ò ní bá àbámọ̀ pàdé. Ìbéèrè kan péré ni. Báwo ló ṣe wá?"

"Orí ló fi wá, mà. Kò sí wàhálà kankan." Nọ́ọ̀sì sinmi díẹ̀. "Ìwọ́ kàn wà lọ́rùn rẹ̀ ni, ẹ̀ẹ̀kan péré. Mo ti yọ ọ́ kíá."

Màmá gbé fóònù sílẹ̀ lórí tábìlì láì pa á, ó dìde, ó sì ké sí ọmọ mi ní bàlùwẹ̀ kó jáde wá gbọ́: "Ìgè! Ìgè o! Àìná dé!"